Bí Bàtà Wa Ṣe Pa Wá Nínú Igbó Àríwá

Ọjọ́ kan wà tí kò lè tán lọ́kàn mi, bó ti wù kí n máa gbàgbé nǹkan tó, ohun tó sì máa ń rán mi létí rẹ̀ jù lọ ni owó igi ìdáná. Ẹ yà sí ilé epo lójú Old Kent Road, ẹ ó rí i lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹnu ọ̀nà: igi wẹ́wẹ́ díẹ̀ tí wọ́n dì sínú àwọ̀n bí àlùbọ́sà, wọ́n á ní kẹ́ ẹ mú pọ́n-ùn mẹ́jọ wá. Nígbà tí mo wà ní yunifásítì n'Íbàdàn, sísì ni ìyá tí mo háyà yàrá lọ́wọ́ rẹ̀ ń fún obìnrin tó bá ru odindi ìdì igi wá láti ọ̀nà Mọ́níyà, obìnrin náà á sì tún bá a tò ó sẹ́yìn ilé. Ṣílè kan lásán, mo ti jẹun yó, mo ti wọ mọ́tò lọ sí Dùgbẹ̀, mo ti wo sinimá, mo sì tún ní tọ́rọ́ tí mo máa fi ra ẹ̀pà jẹ bọ̀. Ẹ má bínú sí mi. Arúgbó ló ń ṣe mí. Ẹni tó bá ti jókòó tì mí nínú bọ́ọ̀sì láti Peckham dé Walworth mọ̀ pé mo lè máa ka iye owó nǹkan àtijọ́ títí a ó fi sọ̀ kalẹ̀.

Igi yìí ló ń mú mi rántí igbó, igbó náà ló sì ń mú mi rántí ọjọ́ tí àwọn èèyàn ń sọkún mi, tí mo dúró tí mò ń wò wọ́n.

Láoyè ni ọ̀rẹ́ mi láti Ìbàdàn. Yàrá kan náà la jọ háyà, èmi ń ka ìmọ̀ Ìtàn, òun ń ka Jọ́gíráfì, ẹni tó bá kọ́kọ́ jí ló ń wọ ṣẹ́ẹ̀tì tó mọ́. Ó ṣáájú mi dé London, ó bá council ṣiṣẹ́ títí ó fi fẹ̀yìn tì. Ìyàwó rẹ̀ kú, àwọn ọmọ rẹ̀ lọ sí Canada, ó wá ku èmi àti òun ní Peckham níhìn-ín. Lọ́dún tí mò ń sọ yìí, dókítà sọ fún un pé ọ̀kan nínú àwọn ilẹ̀kùn inú ọkàn rẹ̀ ti ń kọṣẹ́, pé àfi kí wọ́n la àyà rẹ̀ kí wọ́n fi òmíràn rọ́pò. Ọjọ́ Ajé ni wọ́n dá fún un. Wọn ò fi bò fún un pé tí kò bá ṣe é, ó ṣòro kó rí Kérésìmesì.

Láoyè ní òun ò lọ.

Ó ní kì í ṣe pé ẹ̀rù ọ̀bẹ ń ba òun. Irọ́ ni, ẹ̀rù ń bà á, ojú rẹ̀ ti rù. Ṣùgbọ́n ohun tó sọ fún mi nínú yàrá ìdáná rẹ̀ nìyí: "Kí n tó ṣe ìdánwò oníwèé mẹ́wàá, ìyá mi mú mi wọ igbó ẹ̀yìnkùlé wa, ó ní kí n bọ́ bàtà, ó gbàdúrà lé mi lórí. Kí n tó wọ ọkọ̀ òkun wá síbí, ó tún ṣe bẹ́ẹ̀. Mi ò tíì dáwọ́ lé nǹkan ńlá kan rí láìfi ẹsẹ̀ lásán tẹ ilẹ̀ igbó. Tí mi ò bá rí igbó, kí wọ́n máa gbé ọ̀bẹ wọn lọ."

A kọ́kọ́ gbìyànjú Peckham Rye. Igi wà níbẹ̀ dáadáa, ṣùgbọ́n àwọn tó ń sáré ìdárayá ń yí wa po, ajá kan sì gbé ẹsẹ̀ sókè sára báàgì Mama Fẹ́hìntọlá. Mama ni ìyá ìjọ wa, ìjọ aláṣọ funfun tó wà nínú wáyáhàùsì kan lẹ́yìn ibi tí wọ́n ti ń fọ mọ́tò lójú Old Kent Road. Iṣẹ́ ìtọ́jú àwọn arúgbó ló ṣe títí ó fi fẹ̀yìn tì. Ó ti gbé òyìnbó sókè, ó ti gbé òyìnbó sílẹ̀, kò sí ohun kan láyé yìí tó tún ń bà á lẹ́rù, bí òun fúnra rẹ̀ ti máa ń sọ. Láoyè wo ajá náà, ó wo báàgì náà. Ó ní, "Ibi ìṣeré nìyí. Igbó ni mo sọ."

Èmi ni mo wá dá a lábàá pé ká lọ sí àríwá. Ẹ ṣàkíyèsí ibẹ̀ yẹn o, èmi ni. Mo ní igbó ìjọba kan wà lókè lọ́hùn-ún, nítòsí ààlà Scotland, tó tóbi tó bẹ́ẹ̀ tí èèyàn lè rìn láti àárọ̀ di ọ̀sán láìrí òrùlé. Alhaji Músílíù, aládùúgbò wa tó ti wa bọ́ọ̀sì London títí ó fi fẹ̀yìn tì, ní bọ́ọ̀sì kékeré kan tó fi ń gbé àwọn àgbà lọ sí mọ́sáláṣí. Nígbà tó gbọ́, kò jẹ́ ká bẹ òun.

"Àdúrà ló ń jẹ́ àdúrà," ló wí. "Ẹ̀yin ẹ máa ṣe tiyín, èmi á kírun tèmi lẹ́gbẹ̀ẹ́ yín. Ọlọ́run á mọ ohùn Láoyè yàtọ̀."

Bí a ṣe gbéra ní ìdájí ọjọ́ Àbámẹ́ta nìyẹn, àwa mẹ́rin, pẹ̀lú kúlà ìrẹsì àti àpò sùtánà mẹ́ta.

Mo fi ìtàn da wọ́n láàmú nínú bọ́ọ̀sì náà. Ẹni tó kàwé Ìtàn tó sì jókòó síwájú, kí lẹ rò pé ó máa ṣe? Mo ní, "Ẹ̀yin èèyàn mi, ẹ gbọ́. Nígbà ogun àgbáyé àkọ́kọ́, igi fẹ́rẹ̀ẹ́ tán nílẹ̀ yìí. Wọ́n fi gbé ihò èédú ró, wọ́n fi gbé kòtò àwọn sójà ró. Nígbà tí ogun parí, ojú ti ìjọba. Wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí ra ilẹ̀ ìjẹ àgùntàn lápá àríwá, wọ́n ń gbin igi páìnì sí i. Nígbà tí ìyà wá délẹ̀, wọ́n kó àwọn tí kò ríṣẹ́ lọ sínú àgọ́ níbẹ̀, kí wọ́n lọ máa gbẹ́lẹ̀. Igi ogun ni wọ́n ń gbìn, ẹ gbọ́ mi? Ṣùgbọ́n nígbà tí igi dàgbà tán, àwọn aráàlú ló wá ń fi ibẹ̀ najú. Tẹ́ ẹ bá tún kọjá òkun lọ sókè sí i, sí Norway, sí Sweden, ẹnikẹ́ni ló lè wọ igbó kó ká èso igbó, kó sùn síbẹ̀ mọ́jú, kò sẹ́ni tó máa bi í pé ta ni ó. Igbó wọn ni ilé wọn. Torí náà, kẹ́nikẹ́ni má bẹ̀rù. Igbó ìjọba túmọ̀ sí igbó gbogbo wa."

Alhaji ní, "Prof, ẹ kú làákàyè. Ṣé inú ìtàn yẹn la máa dé kí n tó rí ibi tọ̀?"

Mi ò ṣe Prof rí. Ó kàn fẹ́ràn láti máa fi gún mi lára ni.

Mama ń tòògbé títí a fi kọjá ilé oúnjẹ kan lójú ọ̀nà. Ó wá ní, "Bàbá Bùsọ́lá, igbó ìjọba lẹ pè é? Nílé, torí ẹ̀ka igi kan ṣoṣo ni wọ́n ṣe ti ẹ̀gbọ́n mi mọ́lé nínú igbó ìjọba."

"Mama, ilé nìyẹn. Òyìnbó ò ṣe bẹ́ẹ̀."

"Àwọn òyìnbó yìí náà ló kọ́ wọn nílé," ni Mama wí, ó sì padà sídìí oorun rẹ̀.

Mo rẹ́rìn-ín nígbà yẹn. Ẹ jẹ́ ká máa lọ.

Nígbà tí a débẹ̀, ẹnu yà mí. Mo ti rí igbó rí láyé mi, ṣùgbọ́n mi ò tíì rí irú èyí. Àwọn igi náà dúró lórí ìlà bí ọmọ iléèwé láàárọ̀, wọ́n ga títí ọrùn fi ń dunni láti wò wọ́n. Abẹ́ wọn ṣókùnkùn lọ́sàn-án gangan. Kò sí ìtàkùn, kò sí ọ̀bọ, kò sí kòkòrò tó ń dún. Àwọn ewé tín-ín-rín bí abẹ́rẹ́ ló bo ilẹ̀, òórùn wọn sì dà bí i ti ọṣẹ tí wọ́n fi ń fọ ilé ìtọ́jú àwọn arúgbó. Nísàlẹ̀, adágún omi kan tẹ́ rẹrẹ, ó dúdú, ó sì dákẹ́. Láoyè sọ̀ kalẹ̀, ó dúró, ó mí kanlẹ̀. Ó ní, "Èyí ni igbó."

Ibi tí wàhálà ti bẹ̀rẹ̀ nìyẹn, kò sì sí ẹni tó mọ̀.

Nínú ìjọ wa, ẹni tó bá ti wọ sùtánà kì í wọ bàtà. Kò sì sí ẹni tó ń mú fóònù lọ síwájú àdúrà tí Mama bá ń darí. Ó ní kí kálukú bọ́ bàtà rẹ̀ sétí omi níbi ilẹ̀ ti gbẹ, kó fi fóònù sínú bàtà, kó ká kóòtù rẹ̀ sẹ́yìn rẹ̀ dáadáa. Mama kì í fẹ́ kí bàtà dojú kọ ibi àdúrà. Ó yí imú gbogbo rẹ̀ sí omi, ó tò ó, ó fi ọwọ́ tẹ́ kóòtù wa bí ìgbà tó ń tẹ́ bẹ́ẹ̀dì. Alhaji náà ti bọ́ tirẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ tiwa. Ó ká ìbọ̀sẹ̀, ó gbé fìlà lé orí òkúta, ó gbé tẹ̀súbáà lé orí fìlà, ó sì rìn wọ inú omi díẹ̀ láti ṣe àlùwàlá fún ìrun àyìlà. Ẹrẹ̀ wà níbẹ̀. Ipa ẹsẹ̀ rẹ̀ wọlé sínú omi kedere. Nígbà tó ń jáde, orí òkúta ló gbà.

Ẹ fojú inú wò ó bí ẹni tí kì í ṣe tiwa bá débẹ̀ lẹ́yìn wa ṣe máa rí i: bàtà mẹ́rin tí wọ́n kọjú sí omi, aṣọ tí wọ́n ká, fìlà, ipa ẹsẹ̀ tó lọ tí kò bọ̀. Mo mọ̀ ọ́n nísinsìnyí. Nígbà yẹn, mo kàn ń ronú pé kí ewúrẹ́ má lọ jẹ kóòtù mi ni, bí ẹni pé ewúrẹ́ wà níbẹ̀.

A wọ igbó lọ jìnnà. Mama mú àbẹ́là oníbátìrì tó rà ní ṣọ́ọ̀bù Rye Lane jáde, torí mo ti kìlọ̀ pé a ò gbọdọ̀ dáná lórí ewé gbígbẹ. Ó tẹ̀ wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan, wọ́n ń ṣẹ́jú. Ó ní, "Ọlọ́run á fojú fo èyí." Láoyè kúnlẹ̀. Lẹ́yìn náà, ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja, ó fi ẹ̀rẹ̀kẹ́ tilẹ̀, ó ń sọkún láìpariwo. Mo gbọ́ tó ń pe orúkọ ìyá rẹ̀. Mama gbé ọwọ́ lé e lẹ́yìn, ó ń gbàdúrà jẹ́jẹ́, kì í ṣe bó ṣe máa ń ṣe ní ṣọ́ọ̀ṣì tí ògiri fi máa ń mì. Alhaji ti kírun tán, ó jókòó sórí igi tó wó, ó ń ṣe "Àmín" sí gbogbo rẹ̀.

Nígbà tí Láoyè dìde, mo bi í, "Ṣé wàá lọ lọ́jọ́ Ajé?"

Ó gbọn ewé kúrò lára. Ó ní, "Mo tẹ ilẹ̀, ṣùgbọ́n ilẹ̀ ò tíì sọ nǹkan kan fún mi."

Inú bí mi díẹ̀. Ìrìn àjò tí a rìn látàárọ̀, ilẹ̀ ò sọ nǹkan kan? Mo ti fẹ́ fèsì nígbà tí nǹkan kan bẹ̀rẹ̀ sí dún lókè bí ẹ̀rọ ìlọta. Hẹlikọ́pítà ni. Ó kọjá lórí wa, orí àwọn igi mì, ó yí, ó tún padà wá. Lẹ́yìn náà ni ohùn kan ń jáde láti inú gbohùngbohùn lápá ibi omi, a ò mọ ohun tó ń sọ, ariwo rẹ̀ lásán là ń gbọ́. Mo yọjú láàárín igi. Mo rí ọkùnrin kan àti obìnrin kan tí wọ́n ń bọ̀, aṣọ iṣẹ́ aláwọ̀ ewé lọ́rùn wọn, bàtà ńlá lẹ́sẹ̀ wọn. Ọkùnrin náà gbé fèrè sẹ́nu, ó fọn ọ́n.

Ibi fèrè yẹn ni ìwé tí mo kà tán sí.

Oko kòkó bàbá mi bá igbó ọba pààlà. Asọ́gbó kan wà níbẹ̀ tó ń wọ káakí, tó bá ti fọn fèrè, ẹnikẹ́ni kì í dúró bi í pé kí ló fẹ́. Ẹni tó ń ṣẹ́ igi á ju igi nù. Ẹni tó ń wá olú á da olú nù. Kódà ẹni tó kàn yà sẹ́yìn igi láti ṣe gáà á fi ọwọ́ kan mú ṣòkòtò sá. Láti kékeré ni mo ti mọ̀ ọ́n sá. Mo ti gba dìgírì lé e, mo ti dàgbà, irun ti kúrò lórí mi, ẹsẹ̀ mi ò gbàgbé.

"Asọ́gbó!" ni mo ké. Mo sì sá.

Mama tí kò sí ohun tó ń bà á lẹ́rù ti ká sùtánà dé orúnkún, ó gba ẹ̀gbẹ́ mi kọjá. Ẹ̀ka igi fa etí aṣọ mi ya, mi ò wẹ̀yìn. Alhaji ló fa Láoyè lápá, ó ń sọ fún un pé, "Rọra, rọra, ọkàn rẹ," bí ó ti ń fà á. Gbogbo wa rá wọ abẹ́ igi ńlá kan tó wó, a dì pọ̀ bí ẹran nínú ọkọ̀. Òtútù ilẹ̀ gun orí ìdí mi. Hẹlikọ́pítà tún kọjá.

Alhaji sọ̀rọ̀ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́, "Prof."

"Ẹ dákẹ́, Alhaji."

"Ṣé ẹ̀yin kọ́ lẹ sọ pé igbó gbogbo wa ni? Wọ́n gbé bààlúù lé ẹni gbogbo nínú igbó gbogbo ni?"

Mama ní, "Mo sọ fún yín nínú mọ́tò. Torí ẹ̀ka kan ṣoṣo ni o. Bàbá Bùsọ́lá, ẹ gbé ẹ̀ka tó há sí yín lára yẹn sílẹ̀, kí wọ́n má bá a lọ́wọ́ wa!"

Láoyè bẹ̀rẹ̀ sí rẹ́rìn-ín. Ó rẹ́rìn-ín títí ó fi ń wúkọ́, èémí rẹ̀ ń han bí i ti ẹni tó gun àtẹ̀gùn ilé gíga. Ojú mi là nígbà náà. Mo rí i pé ètè rẹ̀ ti ń dúdú. Mo wò ó, mo ní nínú ara mi pé a gbé ọkùnrin yìí wá síbí kó lè gbà láti wà láàyè, àwa náà la tún fẹ́ pa á lábẹ́ igi. Mo ṣáà di ọwọ́ rẹ̀ mú, mi ò mọ ohun tí mo tún lè ṣe.

Ajá ló rí wa. Ajá dúdú ńlá kan tí agogo kékeré wà lọ́rùn rẹ̀, ó ti imú bọ abẹ́ igi, ó lá ojú Mama láti àgbọ̀n dé iwájú orí. Mama fi igbe ta. Alhaji fò sókè sórí igi tó wó náà, ẹni tí orúnkún ń dùn látọjọ́ yìí, ó ń ké pé, "Kó má kàn mí! Mo ní àlùwàlá lára! Ẹ bá mi mú un!"

Obìnrin aláṣọ ewé náà ti dé lẹ́yìn ajá, ọkùnrin ẹlẹ́gbẹ́ rẹ̀ ṣì ń wá wa lápá kejì igbó. Ó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó wo abẹ́ igi, ó rí ẹsẹ̀ lásán àti aṣọ funfun tó dọ̀tí. Mo rá jáde, mo gbé ọwọ́ méjèèjì sókè. Mo ní, "Madam, a ò gé nǹkan kan. Kódà a ò ká ewé. Ẹ yẹ̀ wá wò."

Ó ń fi ìka tọ́ka sí wa lọ́kọ̀ọ̀kan. Ó ní, "Ẹ ò kú?"

"Ní orúkọ Jésù, a ò kú!" ni Mama fi dá a lóhùn lábẹ́ igi.

Obìnrin náà jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ bẹ́ẹ̀, ó di ajá rẹ̀ mọ́ra. Nígbà tó lè sọ̀rọ̀, ó ṣàlàyé. Àwọn tó wá rìn gbẹ̀fẹ́ ló rí bàtà létí omi. Wọ́n pe ọlọ́pàá. Fóònù inú bàtà kan ń dún ṣáá, ẹnì kan gbé e, Bùsọ́lá, ọmọ mi obìnrin, ló ń pè. Wọ́n sì sọ fún un.

Wọ́n sọ fún Bùsọ́lá pé bàbá rẹ̀ wọ omi?

Obìnrin náà fẹ́ fi ẹ̀rọ ìbánisọ̀rọ̀ rẹ̀ ránṣẹ́ sí wọn pé a wà, kò gbà lábẹ́ igi. Torí náà, a tẹ̀ lé e lọ sí omi láìsí ẹni tó mọ̀ pé à ń bọ̀. Mo fi ọwọ́ kan di Láoyè mú. Ohun tí a bá níbẹ̀, mo ń rí i lójú oorun dòní. Ọkọ̀ ojú omi méjì ń yí kiri lórí adágún náà. Àwọn èèyàn tó nǹkan bí ogún dúró létí rẹ̀, àwọn ọkùnrin ti ṣí fìlà. Ẹnì kan ti já òdòdó igbó, ó fi sínú bàtà Mama. Òyìnbó ìyá arúgbó kan jókòó lórí òkúta Alhaji, ó gbé bàtà Láoyè kan mọ́ àyà, ó ń sọkún bí ẹni pé Láoyè ló fẹ́ ẹ sílé.

Láàárín ìyẹn ni àwọn mẹ́rin tí wọ́n ń sọkún wọn jáde láti inú òkùnkùn igi, aṣọ funfun lọ́rùn ẹni mẹ́ta, ẹsẹ̀ lásán, ewé lórí.

Mi ò tíì gbọ́ irú igbe bẹ́ẹ̀ rí. Ọkùnrin kan dojú bolẹ̀. Àwọn mìíràn sá lọ bá mọ́tò wọn. Ọlọ́pàá kan tó ń kọ nǹkan fi ẹ̀yìn rìn, ó fi ẹ̀yìn rìn, ó sì já sínú adágún. Ó di dandan kí ọkọ̀ tó ń wá òkú wa lọ gbé e. Nígbẹ̀yìn-gbẹ́yín, ẹnì kan ṣoṣo tó wọ omi lọ́jọ́ náà ni ọlọ́pàá. Mama ń juwọ́ sí gbogbo wọn, ó ń sọ pé, "Sorry o! Sorry! Àdúrà la lọ gbà!"

Láoyè ò tọrọ àforíjì. Ó lọ tààrà sọ́dọ̀ ìyá arúgbó yẹn. Ó dúró níwájú rẹ̀, ó bi í jẹ́jẹ́ pé, "Madam, ẹ ò mọ̀ mí. Kí lẹ ń sọkún mi fún?"

Ìyá náà wò ó tìyanu-tìyanu. Ó ti ọwọ́ bọ inú bàtà náà, ó fa páálí tí Láoyè gé síbẹ̀ jáde, torí pé ìsàlẹ̀ bàtà náà ti jẹ, mo sì ti ń bẹ̀ ẹ́ látọjọ́ yìí pé kó ra tuntun. Ìyá náà ní, "Mo rí èyí. Mo ní ẹni tó ni bàtà yìí ti rìn jìnnà, ó sì ń tún un ṣe kó lè máa rìn lọ. Mo ń bínú pé ibí ló jẹ́ kó parí sí."

Láoyè gba páálí náà. Ó ń yí i lọ́wọ́.

Wọ́n fún wa ní tíì àti bùláńkẹ́ẹ̀tì. Mo ń dúró de ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀, ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ ò wá. Obìnrin aláṣọ ewé náà sọ fún wa pé bàbá bàbá òun wà lára àwọn tí wọ́n kó wá gbin igi náà nígbà tí kò níṣẹ́, àti pé oko àwọn èèyàn ló wà níbi tí adágún ti bò mọ́lẹ̀ nísinsìnyí. Ó ní àwọn tó ń gbé nítòsí máa ń wá síbẹ̀ rántí òkú wọn, ó fi àwọn bẹ́ǹṣì hàn wá létí omi, orúkọ olóògbé wà lára ìkọ̀ọ̀kan. Ìyá arúgbó yẹn, ọkọ rẹ̀ ni wọ́n kọ sára èyí tó jókòó sí kó tó rí bàtà wa. Gbogbo ìwé tí mo kà lórí igbó náà, mi ò kà á rí pé ibi tí wọ́n ti ń sọkún nìyẹn.

Láoyè bi í pé, "Ta ló ni igbó yìí gan-an?"

"Ẹ̀yin náà ni," ló wí. "Ṣùgbọ́n ẹ jọ̀ọ́, tẹ́ ẹ bá tún ń bọ̀, ẹ wọ bàtà."

Alhaji wò mí, ó ya ẹnu. Mo ní, "Alhaji, ẹ má sọ ọ́."

Mo pe Bùsọ́lá. Àwọn èèyàn ń ké lẹ́yìn rẹ̀ bí ọjà.

"Daddy? Daddy! Is it you for real? Wọ́n ní ẹ ti drown! Mo ti pe everybody! Mo ti pe Uncle ní Ìbàdàn, wọ́n ti faint!"

"Bùsọ́lá, fara balẹ̀. Àdúrà la lọ gbà, a bọ́ bàtà…"

"Ta ló ń bọ́ bàtà sí ẹ̀gbẹ́ lake, Daddy? Like, who does that? Àwọn Aunty ti gbé cooker wọlé, wọ́n ti ń ṣe jollof!"

Ó bú sẹ́kún lẹ́yìn ìyẹn, mo sì gbé fóònù jìnnà sí etí kí n lè nu ojú tèmi náà.

Ìlú kékeré kan tó wà nítòsí la sùn sí. Nínú bọ́ọ̀sì lọ́jọ́ kejì, kò sẹ́ni tó sọ ìtàn kankan. A ti ń súnmọ́ London nígbà tí Láoyè, tó ti ń wo páálí ọwọ́ rẹ̀ láti ìlú tí a sùn, ní, "Ẹni tí kò mọ orúkọ mi ń bínú pé mi ò rìn mọ́. Ó dáa. Kí wọ́n là mí lọ́jọ́ Ajé."

Alhaji fi ọwọ́ gbá sítíárì. Mama kọ orin. Èmi yí ojú sí fèrèsé.

Nígbà tí mo délé, àga kún yàrá mi, wọ́n ti jẹ pańla tí mo tọ́jú sí fìríìjì. Wọ́n ti gbé àwòrán mi sórí WhatsApp ẹgbẹ́ ọmọ ìlú wa pẹ̀lú àbẹ́là lẹ́gbẹ̀ẹ́ méjèèjì. Bàbá Délé ní Walworth, tí èmi àti ẹ̀ ò kíra látìgbà ìdìbò alága, kọ ọ́ síbẹ̀ pé ọkùnrin jẹ́jẹ́ ni mí, pé òun ò ní rí irú mi mọ́. Mo kà á lẹ́ẹ̀mejì. Mo wá fi fóònù mi kọ ọ́ síbẹ̀ pé, "Mo wà láàyè o, ẹ ṣeun." Kíá ló fèsì: "Ta ló ń lo fóònù olóògbé?"

Ẹ̀kọ́ tí mo kọ́ kò pọ̀. Tẹ́ ẹ bá fẹ́ gbàdúrà nílẹ̀ òyìnbó, ẹ má to bàtà sétí omi. Tẹ́ ẹ bá gbọ́ fèrè, ẹ dúró, ẹ bèèrè. Tí ọ̀rẹ́ yín bá sì ń lẹ páálí mọ́ bàtà, ẹ má yára ra tuntun fún un.

Ó ti pẹ́ díẹ̀. Nínú àwa mẹ́rin, Alhaji Músílíù tí ara rẹ̀ le jù ló kọ́kọ́ lọ, lójú oorun, nínú ilé rẹ̀, kí Ọlọ́run kẹ́ ẹ. Mama Fẹ́hìntọlá ń bẹ ní ilé ìtọ́jú kan ní Bermondsey, àwọn ọmọdé ló wá ń gbé òun náà sókè sódò, ó ṣì ń bá wọn jà lórí bí wọ́n ṣe ń tẹ́ bẹ́ẹ̀dì. Láoyè ń bẹ. Wọ́n là á, wọ́n rán an, ó ń rìn lọ rìn bọ̀ ní Rye Lane pẹ̀lú bàtà yẹn. Èmi náà ń bẹ, ṣùgbọ́n ní Walworth, wọn ò tíì gbà á gbọ́.